Olókìtì Kó Kúrò Nínú Kásẹ́ẹ̀tì

Arówómọlé ni ṣọ́ọ̀bù Oyègbèmí wà,
bẹ́ẹ̀ Oyègbèmí ò rówó mọlé títí ó fi kú.
Páànù mẹ́rin, bẹ́ǹṣì kan,
tẹlifíṣọ̀n tó gbé ikùn pọ̀n sẹ́yìn,
àti ẹ̀rọ aláwọ̀ eérú tí gbogbo wa ń pè ní Bàbá.
Ogún náírà ni ẹ̀mí mẹ́ta.
Mo ti jí ṣéńjì ìyá mi rí nítorí ẹ̀mí mẹ́ta.

Orúkọ tí àwọn tó ṣe géèmù náà sọ ọ́, a ò lè kà á:
lẹ́tà ibẹ̀ dà bí igi ìdáná tí ẹnìkan dà sílẹ̀.
Olókìtì la sọ ọmọ náà,
ọmọ kúkúrú oníbàǹtẹ́ pupa
tó ń ti orí òkè fò sórí òkè,
tó ń tàkìtì lórí odò iná,
tí kò gbọdọ̀ wẹ̀yìn, torí ọ̀nà ń pa dé lẹ́yìn rẹ̀.
Bó bá dákú, Oyègbèmí á yọ kásẹ́ẹ̀tì,
á fẹnu fẹ́ ẹ, fúù, fúù,
bí ẹni ń fẹ́ ẹ̀kọ gbígbóná fọ́mọ,
á tún tì í bọlé.

Bátìrì kékeré kan wà nínú kásẹ́ẹ̀tì yẹn,
kò tóbi ju ẹyọ owó lọ,
òun ló ń rántí ẹni tó gba ipò kìíní.
Lẹ́tà mẹ́ta péré ló ń gbà lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni.
LAN. Láníhùn nìyẹn, àbúrò mi,
ọ̀kẹ́ mẹ́ta ó lé igba.
Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, ibà mú Láníhùn.
Àwọn ọsibítù sapá tiwọn.
A kó aṣọ rẹ̀ fúnni,
fọ́tò rẹ̀ kan ṣoṣo, ikán jẹ ẹ́.
Mi ò mọ̀ pé bátìrì kan ṣì ń rántí.

Ọ̀sẹ̀ tó kọjá, Gbádébọ̀ ọmọ Oyègbèmí
pè mí sí yàrá rẹ̀ ní Ọ́ńdà-Jíì,
bẹ́ẹ̀dì kan, kọ̀ǹpútà mẹ́ta, kò síbi ẹsẹ̀.
Ó ti la kásẹ́ẹ̀tì bí ẹni ń la ẹja,
ó ti ka inú rẹ̀ tán, òdo àti oókan, òdo àti oókan,
oṣù mẹ́jọ ló fi ń kọ́ kọ̀ǹpútà
bí ẹsẹ̀ Olókìtì ṣe ń kúrò nílẹ̀.
"Àwòrán rẹ̀ kọ́ ló ṣòro," ó ní, "ìwúwo rẹ̀ ni.
Ẹ̀rọ tuntun yára jù.
Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo dán an wò, ó fò,
kò sọ̀ kalẹ̀ mọ́."

Ojú ẹ̀rọ yìí fẹ̀ ju ti tẹlifíṣọ̀n àná.
Mo wá rí ohun tí etí dígí fi pa mọ́ fún wa:
àwọn ọ̀tá tó máa ń bà wá lẹ́rù,
wọ́n tò sẹ́yìn òkè, wọn ò mira,
wọ́n ń retí kí á dé kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í bínú.
Gbogbo eré tá a sá yẹn!

Ó tẹ bọ́tìnì kan.
LAN. Ọ̀kẹ́ mẹ́ta ó lé igba.
"Mo yọ ọ́ kí bátìrì tó kú.
Mi ò mọ ẹni tó ni ín, àmọ́ ọwọ́ mi ò gbà á láti pa á rẹ́."
Ẹ̀dà mẹ́fà ló ti ṣe:
ọ̀kan lọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ní Ìlọrin,
ọ̀kan nínú agolo mílíìkì lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì.
Ó ní ohun tó bá wà níbì kan ṣoṣo,
ó ti ń lọ nìyẹn.

Ó ní kí n jókòó, kí n ta díẹ̀.
Àtàǹpàkò mi ń wá bọ́tìnì tí kò sí níbẹ̀ mọ́.
Odò iná gbé mi lẹ́ẹ̀mẹ́ta.
Kò sẹ́ni tó béèrè ogún náírà.
Ìgbà tí mo máa fura,
mo ti bẹ̀rẹ̀ mọ́ ẹ̀gbẹ́ kọ̀ǹpútà,
mo ń fẹ́ ẹ, fúù, fúù.
Gbádébọ̀ wò mí, kò sọ nǹkan kan.